Bí Àríyànjiyàn Lórí Kọ́ńtíráàtì Bá Di Ọ̀rọ̀ Ọlọ́pàá ní Abuja: Ìtọ́sọ́nà fún Ẹ̀yin Ará Wa

Ìpè á wọlé sórí fóònù: "Ṣé ìwọ ni lágbájá? Wọ́n kọ̀wé ẹ̀sùn nípa rẹ. Wá sí FCID, ẹ̀ka ìwádìí ọ̀daràn ọlọ́pàá, Area 10, Garki, lọ́la, aago mẹ́wàá." Kí ẹni tí wọ́n pè tó mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀, á ti gbọ́ pé oníbàárà tó gbé iṣẹ́ ilé fún òun ní Lugbe, tàbí ọlọ́jà tó ta igi àti páànù fún òun ní Dei-Dei tí owó rẹ̀ kò tíì pé, ló kọ̀wé sí ọ̀gá ọlọ́pàá pé ẹni tí wọ́n pè náà lu òun ní jìbìtì.

Ohun tí ọ̀pọ̀ ará wa máa ń kọ́kọ́ sọ fún lọ́yà ni pé: "Ẹ bá mi gba àṣẹ kóòtù, kí wọ́n má lè pè mí mọ́. Ọ̀rọ̀ àdéhùn lèyí, kì í ṣe ọ̀ràn." Torí ọ̀rọ̀ yẹn ni mo ṣe ń kọ ìtọ́sọ́nà yìí. Owó tí àwọn èèyàn wa ń ná sórí irú àṣẹ bẹ́ẹ̀ pọ̀, kóòtù kì í sì í sábà fún wọn. Ó ń dùn mí, nítorí ọ̀nà tó dára jù bẹ́ẹ̀ lọ wà nínú òfin, àwọn tó mọ̀ ọ́n kò sì pọ̀.

Ìgbésẹ̀ kìíní: Ẹ mọ ohun tí kóòtù máa ń ṣe àti ohun tí kì í ṣe

Òfin wà lẹ́yìn yín lápá kan. Òfin tó ń darí ẹjọ́ ọ̀daràn ní Abuja àti ní àwọn kóòtù ìjọba àpapọ̀, èyí tí àwọn lọ́yà ń pè ní ACJA, ti wà láti 2015. Abala 8(2) rẹ̀ sọ pé wọn kò gbọdọ̀ mú ẹnikẹ́ni bó bá jẹ́ pé kò ṣe ju kó yẹ àdéhùn lọ. Òfin Ọlọ́pàá ti 2020 tún ọ̀rọ̀ kan náà sọ ní abala 32(2). Ní 2018, nínú ẹjọ́ kan tí Diamond Bank gbé lọ síwájú Ilé-ẹjọ́ Gíga Jùlọ, àwọn adájọ́ là á mọ́lẹ̀ pé EFCC kì í ṣe àjọ tó ń bá èèyàn gba gbèsè, àti pé agbára rẹ̀ kò kọjá ìwà ọ̀daràn tó jẹ mọ́ owó. Bí wọ́n bá ti èèyàn yín mọ́lé nítorí gbèsè lásán, ibi tí lọ́yà á ti fa ọ̀rọ̀ yọ nìyẹn.

Ṣùgbọ́n apá kejì wà, apá yìí ni àwọn èèyàn kì í fẹ́ gbọ́. Ní 2005, nínú ẹjọ́ tó wà láàárín Agbẹjọ́rò Àgbà Ìpínlẹ̀ Anambra àti Chris Uba, Ilé-ẹjọ́ Kò-tẹ́-mi-lọ́rùn sọ pé ẹni tó bá lọ fi kóòtù ṣe ààbò kí wọ́n má baà wádìí òun tàbí kí wọ́n má baà fẹ̀sùn ọ̀daràn kan òun ń dí iṣẹ́ tí ìwé òfin gbé lé àwọn agbófinró lọ́wọ́ ni. Láti ìgbà náà, gbólóhùn yẹn ni lọ́yà ọlọ́pàá máa ń fi bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ rẹ̀. Ṣáájú ìyẹn, ní 2002, nínú ẹjọ́ tí Gani Fawehinmi pe ọ̀gá àgbà ọlọ́pàá, Ilé-ẹjọ́ Gíga Jùlọ ti sọ pé gómìnà tí ìwé òfin kò jẹ́ kí wọ́n gbé lọ sí kóòtù nígbà tó wà lórí àléfà pàápàá, ọlọ́pàá lè wádìí rẹ̀. Bí gómìnà kò bá bọ́ lọ́wọ́ ìwádìí, kí ni kọ́ńtírátọ̀ Kubwa fẹ́ gùn lé?

Ìdí tí àwọn adájọ́ fi ń ṣe bẹ́ẹ̀ kò ṣòro. Ìwé ẹ̀sùn tó wà níwájú ọlọ́pàá sọ pé ẹ purọ́ gba owó. Ẹ̀yin sọ pé ẹ kò purọ́, iṣẹ́ ló dojú rú. Adájọ́ kò tíì rí ẹlẹ́rìí kankan, kò rí ìwé báńkì, kò mọ ohun tí ìwádìí máa gbé jáde. Bó bá dá ìwádìí dúró lọ́jọ́ yẹn, ó ti dá ẹjọ́ tí kò tíì gbọ́ nìyẹn. Yàtọ̀ sí ìyẹn, ohun kan náà lè jẹ́ ọ̀rọ̀ àdéhùn kó sì tún jẹ́ ọ̀ràn, àwọn ẹjọ́ méjèèjì sì lè máa lọ lọ́tọ̀ọ̀tọ̀. Pé ẹ ti pe oníbàárà náà lẹ́jọ́ lórí àdéhùn kò fún yín ní ààbò lọ́wọ́ ọlọ́pàá. Ní 2009, Ilé-ẹjọ́ Gíga Jùlọ tún sọ nínú ẹjọ́ kan tó dá lórí sọ̀wédowó pé ẹ̀tọ́ ará ìlú ni láti fẹjọ́ ọ̀ràn sun ọlọ́pàá, ohun tí ọlọ́pàá bá wá ṣe lẹ́yìn náà wà lọ́rùn ọlọ́pàá fúnra rẹ̀, àyàfi bí ẹni tó fẹjọ́ sùn bá fi ìkà ṣe é.

Torí náà, ohun tí ẹ lè rí gbà lọ́dọ̀ kóòtù ni pé kí ìwádìí má ṣe di ìjìyà. Kóòtù á yẹ̀ ẹ́ wò bí wọ́n ṣe mú yín, iye wákàtí tí wọ́n fi tì yín mọ́lé, àti bóyá ọlọ́pàá sọ ara rẹ̀ di agbowó. Kò ní sọ pé kí wọ́n má béèrè ọ̀rọ̀ lọ́wọ́ yín. Gbogbo ìgbésẹ̀ tó kù dúró lórí èyí.

Ìgbésẹ̀ kejì: Ẹ fi òótọ́ yẹ ọ̀rọ̀ ara yín wò

Kí ẹ tó sọ fún ẹnikẹ́ni pé ọ̀rọ̀ àdéhùn ni, ẹ jókòó ti ìbéèrè méjì. Lọ́jọ́ tí mo gba owó yìí, ṣé òótọ́ ni gbogbo ohun tí mo sọ? Ṣé ó wà lọ́kàn mi láti ṣe iṣẹ́ náà?

Ohun tí ọlọ́pàá ń wá nìyẹn, kì í ṣe bóyá iṣẹ́ parí tàbí kò parí. Òfin tó de jìbìtì owó àsansílẹ̀, ti 2006, sọ pé ẹni tó bá fi irọ́ àti èrò ìrẹ́jẹ gba nǹkan lọ́wọ́ ẹlòmíràn máa lọ sí ẹ̀wọ̀n ọdún 7 ó kéré tán, ó sì lè tó ọdún 20, kò sì sí àǹfààní láti san owó ìtanràn dípò rẹ̀. Kí ẹ̀sùn náà tó lè dúró ní kóòtù, wọ́n ní láti fi hàn pé ẹ sọ ohun kan tí kì í ṣe òótọ́, pé ẹ mọ̀ pé irọ́ ni, pé èrò ìrẹ́jẹ wà lọ́kàn yín, àti pé irọ́ yẹn ló mú kí ẹni náà yọ owó sílẹ̀.

Ẹ jẹ́ ká fi ojú wo kọ́ńtírátọ̀ méjì. Ẹni àkọ́kọ́ gba ₦6,000,000 láti kọ́ ilé ní Lugbe. Ó gbẹ́ ìpìlẹ̀, ó ra búlọ́ọ̀kù, ó gbé ògiri dé líńtẹ́ẹ̀lì, lẹ́yìn náà owó sìmẹ́ǹtì àti irin gòkè, owó ọwọ́ rẹ̀ sì tán. Ó lè jẹ gbèsè, ó lè san owó ìtanràn àdéhùn, ṣùgbọ́n ẹ̀rí iṣẹ́ wà nílẹ̀. Ẹni kejì gba iye kan náà, ó fi gbogbo rẹ̀ san gbèsè mìíràn lọ́jọ́ kejì, ó sì ń fi fọ́tò ilé ẹlòmíràn tó wà ní Gwarinpa ránṣẹ́ sí oníbàárà lórí WhatsApp pé iṣẹ́ ń lọ. Ẹni kejì yìí kò gbọdọ̀ máa pariwo àdéhùn. Bẹ́ẹ̀ náà ni ẹni tó ta ilẹ̀ kan fún èèyàn méjì, tàbí tó fi ìwé ilẹ̀ tí AGIS, ọ́fíìsì tó ń tọ́jú àkọsílẹ̀ ilẹ̀ Abuja, kò mọ̀ rí ta ilẹ̀ fún èèyàn. Ìwé àdéhùn tí wọ́n bá fọwọ́ sí lórí irú ilẹ̀ bẹ́ẹ̀ kò yí ọ̀ràn padà.

Nǹkan méjì wà tó máa ń kó àwọn oníṣòwò wa sí wàhálà láìròtẹ́lẹ̀. Àkọ́kọ́ ni sọ̀wédowó. Òfin kan wà láti 1977 tó sọ pé ẹni tó bá fún èèyàn ní sọ̀wédowó, tí wọ́n gbé e lọ sí báńkì láàárín oṣù 3 tí báńkì sì dá a padà nítorí owó kò sí níbẹ̀, lè lọ sí ẹ̀wọ̀n ọdún 2. Bí òwò tó bí sọ̀wédowó náà tilẹ̀ jẹ́ àdéhùn tó mọ́ gaara, sọ̀wédowó tó padà wá ti di ọ̀rọ̀ mìíràn, àfi bí ẹ bá lè fi hàn pé ẹ ní ìdí tó múná dóko láti gbà pé owó á wà níbẹ̀. Ẹ yé fi sọ̀wédowó ṣe ìdúró fún gbèsè tí ẹ kò mọ ọjọ́ tí ẹ máa san án. Èkejì ni owó tí wọ́n fi sí ìkáwọ́ yín fún iṣẹ́ kan pàtó. Lábẹ́ Penal Code, ìwé òfin ọ̀daràn tí wọ́n ń lò ní Abuja, bí ẹ bá gba owó pé ẹ máa fi ra ẹ̀rọ jẹnẹrétọ̀ fún ṣọ́ọ̀ṣì, tí ẹ sì fi san owó ilé-ìwé ọmọ, wọ́n lè pè é ní ìdàlẹ̀ tó jẹ́ ọ̀ràn.

Bí ìdáhùn yín sí ìbéèrè méjèèjì yẹn bá ń kó yín lọ́kàn sókè, ẹ sọ òótọ́ fún lọ́yà yín lọ́jọ́ àkọ́kọ́. Dídá owó padà kò pa ọ̀ràn rẹ́, ṣùgbọ́n ó máa ń mú kí ẹjọ́ rọ̀.

Ìgbésẹ̀ kẹta: Ẹ kó ìwé jọ kí ẹ tó lọ

Èyí kò gba àlàyé púpọ̀, ṣùgbọ́n òun ló máa ń gba èèyàn sílẹ̀ jùlọ. Ẹ kó ìwé àdéhùn, rìsíìtì gbogbo ohun tí ẹ rà, ìwé báńkì láti ọjọ́ tí owó wọlé, fọ́tò ibi iṣẹ́, àti orúkọ àwọn lébìrà àti oníṣẹ́ ọwọ́ tó bá yín ṣe é. Ẹ tẹ ọ̀rọ̀ WhatsApp yín sórí ìwé láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ẹ má pa èyí tó dà bíi pé kò dára rẹ́, torí ẹnì kejì ní tirẹ̀ lọ́wọ́. Kí lọ́yà bá yín ṣe ìwé ẹ̀rí tí abala 84 Òfin Ẹ̀rí ti 2011 ń béèrè fún ohun tó bá ti inú fóònù tàbí kọ̀ǹpútà jáde, nítorí láìsí i, kóòtù lè kọ̀ ọ́. Lẹ́yìn náà, ẹ kọ ìtàn ọ̀rọ̀ náà sórí ojú ìwé kan ṣoṣo, ọjọ́ sí ọjọ́: ìgbà tí ẹ pàdé, ìgbà tí owó wọlé, ìgbà tí iṣẹ́ bẹ̀rẹ̀, ìgbà tí ìṣòro dé, ìgbà tí ẹ sọ fún oníbàárà. Bí ẹ bá ti sọ fún un pé owó irin ti gòkè kó tó bínú, ọjọ́ yẹn ni kí ẹ fi bírò pupa yí po.

Ìgbésẹ̀ kẹrin: Ẹ jẹ́ ìpè náà, ṣùgbọ́n ẹ má dá lọ

Ẹ kọ́kọ́ rí i dájú pé ọlọ́pàá ló pè yín lóòótọ́. Ẹ béèrè orúkọ, ipò àti ẹ̀ka ẹni tó pè, ẹ sì ní kó fi ìwé ìpè ránṣẹ́. Àwọn ọlọ́ṣà wà tó ń fi irú ìpè báyìí gba owó. FCID wà ní Area 10, EFCC wà ní Jabi. Ẹni tó bá ní kí ẹ wá pàdé òun ní ilé oúnjẹ, ẹ má lọ.

Ẹ má sì sá lọ sí Ògbómọ̀ṣọ́ tàbí Ìjẹ̀bú. Sísá ló máa ń fún wọn ní ohun tí wọ́n máa kọ sínú ìwé tí wọ́n fi ń gba àṣẹ ìmúni lọ́dọ̀ adájọ́ májísíréètì. Bí wọ́n bá fẹ́ mú ìyàwó, àbúrò tàbí ọmọ yín dípò yín, ẹ jẹ́ kí àwọn aráalé mọ̀ pé abala 7 ACJA kò gbà á. Kò sí ẹni tí wọ́n lè mú rọ́pò ẹni tí wọ́n ń wá.

Kí lọ́yà kọ lẹ́tà ṣáájú yín sí ọ̀gá ẹ̀ka náà. Kí lẹ́tà náà sọ pé ẹ ti gbọ́ ìpè, pé ẹ ń bọ̀ lọ́jọ́ báyìí, kó so ìwé àdéhùn àti ẹ̀rí iṣẹ́ mọ́ ọn, kó sì rán wọn létí abala 8(2) ACJA àti abala 32(2) Òfin Ọlọ́pàá. Lẹ́tà náà kò ní dá ìwádìí dúró. Ohun tó ń ṣe ni pé ọlọ́pàá tó wà nídìí ẹjọ́ náà á mọ̀ pé ẹnì kan ń wò ó, bí wọ́n bá sì ṣe ohun tí kò tọ́ lẹ́yìn náà, ẹ̀rí wà pé wọ́n ti mọ òfin ṣáájú. Bí owó lọ́yà kò bá sí, ìgbìmọ̀ Legal Aid Council wà fún ìyẹn. Òfin ACJA fúnra rẹ̀ sọ pé ọlọ́pàá gbọ́dọ̀ sọ fún ẹni tí wọ́n mú pé ó lẹ́tọ̀ọ́ sí ìrànwọ́ òfin lọ́fẹ̀ẹ́ bó bá tọ́ sí i. Àjọ Ẹ̀tọ́ Ọmọnìyàn pẹ̀lú ní ọ́fíìsì ní Maitama, wọ́n sì ń gba ẹ̀sùn lọ́wọ́ ará ìlú.

Ìgbésẹ̀ karùn-ún: Stétímẹ́ǹtì

Mo bẹ̀ yín, ẹ fara balẹ̀ síbí, nítorí ọ̀pọ̀ ẹjọ́ tó yẹ kó parí ní oṣù kan ló ti orí ìwé kan ṣoṣo yìí di ẹjọ́ ọdún mẹ́rin.

Abala 35(2) ìwé òfin orílẹ̀-èdè wa gbà kí ẹ dákẹ́ títí ẹ ó fi bá lọ́yà tàbí ẹni tí ẹ fẹ́ sọ̀rọ̀. Abala 17 ACJA sì gbà kí ẹ kọ stétímẹ́ǹtì níwájú lọ́yà yín. Bí lọ́yà kò bá sí, ó lè jẹ́ níwájú ẹni láti Legal Aid Council, tàbí ẹni tí ẹ bá yàn. Bí Gẹ̀ẹ́sì kò bá yọ̀ mọ́ yín lẹ́nu, ẹ má tijú rárá. Òfin yẹn sọ pé kí wọ́n wá ògbufọ̀, kó ka ohun tí wọ́n kọ sétí yín, kí ẹ gbà pé bẹ́ẹ̀ ni ẹ ṣe sọ ọ́, kí ògbufọ̀ náà sì fọwọ́ sí i. Ẹ sọ ọ́ ní Yorùbá. Bàbá ọlọ́jọ́ orí tó fi ọgbọ̀n ọdún ta ọjà ní Wuse lè mọ Haúsá àti Gẹ̀ẹ́sì ọjà dáadáa, kó má sì mọ Gẹ̀ẹ́sì tó máa gbà á lọ́wọ́ ẹ̀wọ̀n.

Ẹ tò ó bí ẹ ṣe tò ó sórí ojú ìwé kan yẹn. Kí ẹ sọ bí ẹ ṣe pàdé, ohun tí ẹ jọ fẹnu kò sí, iye owó, iṣẹ́ tí ẹ ṣe, ohun tó dí yín lọ́wọ́, àti àwọn ìgbà tí ẹ ní kí oníbàárà jẹ́ kí ẹ jọ jókòó. Ẹ má bú u, ẹ má sì dá ìtàn kún un. Ohun tí ẹ kò bá rántí, ẹ sọ pé ẹ kò rántí. Ibi tí ẹ bá ti jẹ gbèsè, ẹ gbà á, ṣùgbọ́n ẹ ṣàlàyé ìdí tó fi jẹ́ gbèsè.

Ohun tó ń ba ọ̀pọ̀ jẹ́ ni ìwé àdéhùn ìsanwó tí wọ́n máa ń gbé síwájú èèyàn nírọ̀lẹ́, nígbà tó ti rẹ̀ ẹ́ tán. Wọ́n á ní: "Fọwọ́ sí i pé wàá san gbogbo ẹ̀ lọ́jọ́ Jímọ́, kó o máa lọ sílé." Èèyàn á fọwọ́ sí i, torí ó ń ronú bó ṣe máa dé ilé lọ́jọ́ yẹn. Ọjọ́ Jímọ́ á dé, owó kò sí, wọ́n á wá ní ó tún purọ́. Ẹ má fọwọ́ sí ìlérí tí ẹ kò lè mú ṣẹ. Bí ẹ bá fẹ́ san, kí lọ́yà yín àti lọ́yà oníbàárà jọ kọ ọ́ níta tésàn, pẹ̀lú iye tí agbára yín ká, kí wọ́n sì kọ sínú rẹ̀ pé kì í ṣe ìjẹ́wọ́ ọ̀ràn. Owó náà kò gbọdọ̀ gba àpò ọlọ́pàá kankan kọjá. Láti báńkì yín sí báńkì ẹni tí ẹ jẹ ni kó ti lọ.

Ìgbésẹ̀ kẹfà: Béèlì

Ọ̀fẹ́ ni béèlì. Ìwé òfin sọ ní abala 35 pé níbi tí kóòtù bá ti wà láàárín ìwọ̀n kìlómítà 40, wọ́n gbọ́dọ̀ gbé ẹni tí wọ́n mú lọ sí kóòtù láàárín ọjọ́ kan. Abuja kún fún kóòtù, torí náà kò gbọdọ̀ ju ọjọ́ kan lọ. Bí wákàtí 24 bá kọjá, abala 32 ACJA gba lọ́yà tàbí aráalé láàyè láti lọ bẹ kóòtù fún béèlì, kódà ẹ lè fẹnu sọ ọ́. Obìnrin lè ṣe onídùúró. Abala 167(3) ACJA sọ pé wọn kò gbọdọ̀ kọ ẹnikẹ́ni nítorí pé obìnrin ni. Ẹ kọ aago tí wọ́n mú yín àti aago tí wọ́n dá yín sílẹ̀ síbì kan, nítorí ìgbésẹ̀ tó kàn máa nílò rẹ̀.

Nígbà mìíràn ọlọ́pàá á lọ gba àṣẹ àtìmọ́lé lọ́dọ̀ májísíréètì, èyí tí òfin gbà fún ọjọ́ 14 ní ìgbà àkọ́kọ́. Kí lọ́yà yín wà níbẹ̀ lọ́jọ́ náà, kó fi ìwé àdéhùn han adájọ́. Ibẹ̀ ni wọ́n ti lè sọ pé kò sí ìdí tó fi yẹ kí ẹ sùn sí àhámọ́.

Ìgbésẹ̀ keje: Bí ẹ bá ní láti lọ sí kóòtù, ẹ béèrè ohun tí kóòtù lè fún yín

Àkókò wà tí ó tọ́ láti lọ. Ó lè jẹ́ pé wọ́n tì yín mọ́lé ju bó ṣe yẹ lọ, tàbí wọ́n lù yín. Ó lè jẹ́ pé wọ́n gba kọ́kọ́rọ́ mọ́tò tàbí ìwé ilẹ̀ yín pé ó di ìgbà tí ẹ bá san gbèsè. Ó sì lè jẹ́ pé wọ́n ń pè yín léraléra, kò sí ìbéèrè kankan mọ́, àfi "Owó dà?" Ilé-ẹjọ́ Gíga ti Abuja tàbí Ilé-ẹjọ́ Gíga ti Ìjọba Àpapọ̀ ni ẹ ti lè béèrè ẹ̀tọ́ yín, lábẹ́ ìlànà ìgbèjà ẹ̀tọ́ tó jáde ní 2009. Ìlànà náà yára ju ẹjọ́ mìíràn lọ. Ó ní kí wọ́n fi ọjọ́ ìgbẹ́jọ́ sí láàárín ọjọ́ 7 lẹ́yìn tí ẹ bá fi ìwé sílẹ̀, kò sì sí òfin tó sọ pé àkókò ti kọjá lórí yín. Ilé-ẹjọ́ kan ni kí ẹ lọ. Ẹni tó bá gbé ẹjọ́ kan náà lọ sí méjì ń ba tirẹ̀ jẹ́ ni.

Iṣẹ́ ńlá ibẹ̀ ni bí wọ́n ṣe kọ ohun tí ẹ ń béèrè. Bí lọ́yà bá kọ ọ́ pé "kí ọlọ́pàá má ṣe pè mí, kí wọ́n má ṣe wádìí mi, kí wọ́n má sì gbé mi lọ sí kóòtù lórí ọ̀rọ̀ yìí títí láé," ó ti fi ọwọ́ ara rẹ̀ gbé ẹjọ́ Anambra ti 2005 lé ọlọ́pàá lọ́wọ́. Ohun tó yẹ kí ẹ béèrè ni èyí:

– kí kóòtù kéde pé títì tí wọ́n tì yín mọ́lé kọjá ọjọ́ kan láìgbé yín lọ sí kóòtù lòdì sí abala 35 ìwé òfin orílẹ̀-èdè;
– kí ó kéde pé ọlọ́pàá kò ní agbára láti bá ẹnikẹ́ni gba gbèsè àdéhùn, kí ó sì dá wọn lẹ́kun rẹ̀;
– kí wọ́n má ṣe tún mú yín tàbí tì yín mọ́lé lórí gbèsè náà, àyàfi ní ìlànà òfin;
– kí wọ́n dá ohun ìní yín padà;
– kí wọ́n san owó gbà-máà-bínú kí wọ́n sì tọrọ àforíjì ní gbangba, gẹ́gẹ́ bí abala 35(6) ṣe fàyè gbà á.

Gbólóhùn "àyàfi ní ìlànà òfin" yẹn ni kí ẹ má gbàgbé. Òun ló ń fi adájọ́ lọ́kàn balẹ̀ pé ẹ kò fẹ́ fi òun ṣe ibi ìsádi.

Ẹ má sì da ọ̀rọ̀ owó àdéhùn pọ̀ mọ́ ọn. Ní 2006, nínú ẹjọ́ tí akẹ́kọ̀ọ́ kan bá Yunifásítì Ìlọrin ṣe, Ilé-ẹjọ́ Gíga Jùlọ sọ pé bí kókó ẹjọ́ kò bá jẹ́ ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn, ọ̀nà ìgbèjà ẹ̀tọ́ kọ́ ni wọ́n ń gbà wọlé. Bí ìwé ìbúra yín bá fi ojú ewé mẹ́jọ sọ̀rọ̀ sìmẹ́ǹtì tó sì fi ìlà mẹ́ta sọ̀rọ̀ àtìmọ́lé, ohun tí adájọ́ máa rí nìyẹn. Ẹ kọ ọjọ́, aago, orúkọ tésàn, ẹni tó bá yín sùn ní àhámọ́ bó bá ṣeé ṣe. Kí ẹ sì sọ òótọ́ pé ìwé ẹ̀sùn jìbìtì wà, nítorí ọlọ́pàá máa gbé e jáde láìsí àní-àní. Ẹni tó bá fi pamọ́ ti pàdánù ojú rere kóòtù.

Bó bá jẹ́ pé wọ́n ti gbé ẹ̀sùn dé kóòtù, àkókò ìdádúró ti kọjá. Abala 306 ACJA kò gba kí kóòtù dá ẹjọ́ ọ̀daràn dúró mọ́. Ìjà inú ẹjọ́ ló kù, pàápàá nígbà tí olùpẹjọ́ bá parí ẹlẹ́rìí rẹ̀ tí lọ́yà yín lè sọ pé kò sí ẹjọ́ tó yẹ kí ẹ dáhùn.

Ìgbésẹ̀ kẹjọ: Ẹ má pa àdéhùn fúnra rẹ̀ tì

Nígbà tí ọlọ́pàá ń wádìí, gbèsè ṣì wà níbẹ̀. Ẹ kọ lẹ́tà sí oníbàárà nípasẹ̀ lọ́yà, ẹ sọ ohun tí ẹ lè ṣe. Ẹ wò ó bóyá àdéhùn yín ní ìlà tó sọ pé kí ẹ lọ sí ìlàjà tàbí ìdájọ́ aládàáni. Òfin ti 2023 lórí ìlàjà gbé irú ìlà bẹ́ẹ̀ lẹ́yìn gidigidi. Abuja Multi-Door Courthouse tó wà lábẹ́ Ilé-ẹjọ́ Gíga ti Abuja wà fún irú èyí. Wọ́n á pe ẹ̀yin méjèèjì jókòó, ohun tí ẹ bá sì fẹnu kò sí lè di àṣẹ kóòtù. Àwọn àgbà ní a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́, ọ̀nà ìlàjà yìí kì í sì í ba ọ̀rẹ́ jẹ́ tó bẹ́ẹ̀. Mo ti rí àwọn tó tún gbé iṣẹ́ fún ara wọn lẹ́yìn rẹ̀.

Fún ẹ̀yin tí wọ́n jẹ lówó

Mo mọ̀ pé inú yín ń bàjẹ́. Owó tí èèyàn fi ọdún márùn-ún kó jọ, tí kọ́ńtírátọ̀ fi búlọ́ọ̀kù mẹ́wàá ṣe ẹ̀rí rẹ̀, ó ń dunni. Ṣùgbọ́n bí ẹni náà kò bá purọ́ fún yín ní ìbẹ̀rẹ̀, ẹ má kọ̀wé jìbìtì sí ọlọ́pàá kí ẹ lè fi ìbẹ̀rù gba owó. Irọ́ sí ọlọ́pàá jẹ́ ọ̀ràn, kóòtù sì ti ń pàṣẹ kí àwọn tó fi ọlọ́pàá gba gbèsè san owó ìtanràn pẹ̀lú ọlọ́pàá tí wọ́n lò. Bí gbèsè yín bá jẹ́ iye kan tó hàn gbangba, tí onígbèsè kò sì ní ohun kan tó máa sọ, ìlànà Ilé-ẹjọ́ Gíga ti Abuja ní ọ̀nà kan, tí àwọn lọ́yà ń pè ní undefended list, tí ẹjọ́ gbèsè fi ń yára parí láìpe ẹlẹ́rìí. Ẹ ní kí lọ́yà yín lo ìyẹn. Ẹ má fi falẹ̀, nítorí ọdún 6 ni òfin fún ẹjọ́ àdéhùn.

Bó bá sì jẹ́ pé ó purọ́ fún yín lóòótọ́, ẹ kọ̀wé náà láìbẹ̀rù. Ẹ kọ irọ́ tó pa, ọjọ́ tó pa á, bí ẹ ṣe mọ̀ pé irọ́ ni, ẹ so ẹ̀rí mọ́ ọn. Òfin wà lẹ́yìn yín.

Fún àwọn tó wà ní Kánò, Kàdúná tàbí Jos, ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan ló ní òfin tirẹ̀ tó jọ ACJA, nọ́ńbà abala lè yàtọ̀, ṣùgbọ́n abala 35 ìwé òfin orílẹ̀-èdè àti Òfin Ọlọ́pàá 2020 kò yàtọ̀ níbikíbi.

Nígbà tí ìwádìí bá parí

Bí ọlọ́pàá bá sọ pé ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe ọ̀ràn, ẹ má kàn máa lọ sílé. Kí lọ́yà kọ lẹ́tà béèrè fún ìwé tó fi hàn pé wọ́n ti pa fáìlì náà dé. Kí wọ́n dá fóònù, ìwé ìrìnnà àti ìwé ilẹ̀ yín padà, kí ẹ sì fọwọ́ sí ìwé pé ẹ ti gbà wọ́n. Kí wọ́n tú onídùúró yín sílẹ̀, pàápàá bó bá fi ìwé ilé tirẹ̀ dúró, nítorí òun náà ní ilé àti ọmọ. Kí ẹ sì fi ẹ̀dà gbogbo ìwé wọ̀nyí sí ibi tí aráalé yín lè rí wọn, bí oníbàárà bá tún gbé ẹ̀sùn kan náà lọ sí tésàn mìíràn ní Mararaba tàbí Suleja.